Adájọ́ ò gbà kí ẹlẹ́rìí padà wá: ṣé ká sáré lọ sí kò-tẹ́-mi-lọ́rùn?

Ẹ̀yin ará mi, ẹ kú ojúmọ́. Ọ̀rọ̀ àbúrò mi ni mo gbé wá o. Sitọ́ọ̀ sìmẹ́ǹtì ló ń bá ẹnì kan ṣọ́. Wọ́n ní àpò 240 pòórá, wọ́n bá gbé e lọ sí kóòtù gíga. Máníjà ibẹ̀ jẹ́rìí pé ọwọ́ àbúrò mi nìkan ni kọ́kọ́rọ́ wà ní Sátidé yẹn. Lọ́yà tá a ní nígbà náà bi í ní ìbéèrè mẹ́ta péré, ó jókòó. N ò tíì jókòó dáadáa tó fi parí.

A ti gba lọ́yà mìíràn. Oṣù tó kọjá la rí ìwé ìjáde ẹrù ti Sátidé náà. Máníjà ló buwọ́ lù ú fúnra rẹ̀, ó kọ aago mẹ́rin àbọ̀ sí i. Aago méjì ni àbúrò mi ti kúrò níbẹ̀! Lọ́yà bẹ adájọ́ pé kó pe máníjà padà, adájọ́ ní a ti láǹfààní láti bi í, pé a pààrọ̀ lọ́yà kì í ṣe ìdí. Mọ̀lẹ́bí ní ká gba kò-tẹ́-mi-lọ́rùn lọ lọ́sẹ̀ yìí. Lọ́yà ní ká ṣe sùúrù.

Ìyá Ìbejì: Ẹ gbé e lọ jàre! Sùúrù wo ló kù?

Lọ́yà Wa (lọ́yà tó ń dáhùn ìbéèrè níbí): Ìyá Ìbejì, ẹ rọra, ẹ jọ̀ọ́. Abala 256 òfin ìgbẹ́jọ́ ọ̀daràn ti ìjọba àpapọ̀, ọdún 2015, gba adájọ́ láyè láti pe ẹlẹ́rìí padà nígbàkígbà tí ẹjọ́ bá ń lọ lọ́wọ́, bí ẹ̀rí rẹ̀ bá ṣe kókó fún ìdájọ́ òdodo. Èkó ti ní òfin tiẹ̀ láti 2007. Kí lọ́yà yín wo ti ìpínlẹ̀ yín. Àmọ́ ọwọ́ adájọ́ ni àṣẹ yẹn wà. Kò-tẹ́-mi-lọ́rùn kì í sọ pé "ká ní àwa ni, à bá gbà". Ohun tí wọ́n ń wò ni bóyá adájọ́ ṣi òfin lò, àti bóyá kíkọ̀ rẹ̀ pa olùjẹ́jọ́ lára. Ẹ ò sì lè tìtorí ẹ̀ dá ẹjọ́ dúró. Abala 306 òfin àpapọ̀ yẹn kò gbà á, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ sì fọwọ́ sí i nínú ẹjọ́ Olisa Metuh, agbẹnusọ ẹgbẹ́ òṣèlú PDP tẹ́lẹ̀, lọ́dún 2017. Ẹjọ́ á máa lọ nísàlẹ̀, owó yín á máa lọ lókè.

Ẹ gbọ́ ná, ṣé lọ́yà yín so ìwé yẹn mọ́ ìwé ìbúra?

Ẹni tó béèrè: Rárá o. Ẹnu ló fi bẹ̀bẹ̀.

Lọ́yà Wa: Hẹn-ẹ́n! Kí ni ẹ fẹ́ kí adájọ́ rí? Ẹ padà lọ bá adájọ́. Ẹ so ẹ̀dà ìwé náà mọ́ ìwé ìbúra, ẹ kọ ìbéèrè tí ẹ fẹ́ bi máníjà síbẹ̀, ẹ sọ ọjọ́ tí ẹ rí i àti ibi tí ẹ ti rí i.

Bàbá Akọ̀wé: Ọdún 31 ni mo fi ṣe akọ̀wé kóòtù kí n tó fẹ̀yìn tì. Àwọn adájọ́ mẹ́ta tó máa jókòó lókè kò ní rí òógùn lójú máníjà. Bébà àkọsílẹ̀ ẹjọ́ tá a tẹ̀ ránṣẹ́ ni wọ́n máa kà. Ohun tí kò bá sí nínú ẹ̀, ẹ má wulẹ̀ sọ pé ó ṣẹlẹ̀. Bí ìdájọ́ bá wá burú, ọjọ́ 90 lẹ ní láti pe ẹjọ́, ẹ sì lè fi kíkọ̀ yìí kún un.

Ẹni tó béèrè: Ẹ ṣeun, bàbá. Ṣé àwa ò lè pe máníjà ní ẹlẹ́rìí tiwa ni?

Lọ́yà Wa: Ẹ lè pè é, àmọ́ ẹ ṣọ́ra. Tó bá ti di ẹlẹ́rìí yín, ẹ ò lè fi ìbéèrè há a mọ́, àyàfi bí adájọ́ bá gbà pé ó ti kẹ̀yìn sí yín. Ta ló wà níbẹ̀ nígbà tó ń buwọ́ lùwé?

Ẹni tó béèrè: Ọmọ tó ń ru ẹrù. Ó ti padà sí Ṣakí, àmọ́ mo ní nọ́ńbà ìyá rẹ̀. Màá pè wọ́n lálẹ́ yìí.