Ẹ gbà mí nímọ̀ràn: pùròdúsà ní kí n fi babaláwo tú àṣírí inú script mi

Ẹ kú àsìkò yìí o, ẹ̀yin ará ilé. Ìbàdàn ni mo wà, script fíìmù ni mo ń kọ, àwọn tó máa ń mú àyà èèyàn já, tí o ò ní mọ̀ bóyá orí ẹni yẹn ló ń dàrú ni àbí ẹnìkan ló ń ṣe é lóòótọ́. Èyí tí mo kọ kẹ́yìn, ọkọ obìnrin kan kú, àmọ́ láràárọ̀ ló ń bá omi ìwẹ̀ gbígbóná lẹ́nu ọ̀nà balùwẹ̀, bí ọkọ ẹ̀ ṣe máa ń gbé e sílẹ̀ fún un. Pùròdúsà kan gbọ́ ìtàn yẹn, ó ní ó dùn gan-an, ló bá ní kí n fi babaláwo síbẹ̀ kó dárúkọ ẹni tó ń ṣe é kí orí òǹwòran má baà gbóná. Owó tó pè ò tó owó dátà, kò sí àgírímẹ́ǹtì, ó ní kí n ṣáà fi gbogbo ẹ̀ ránṣẹ́ sí WhatsApp òun. Ṣé kí n gbà bẹ́ẹ̀, àbí kí n kúkú gba Èkó lọ máa kọ ọ́ ní Gẹ̀ẹ́sì?

Àdìó Kámẹ́rà: Àbúrò, má fi ránṣẹ́ o! Ojú ìwé kan tó sọ kókó ìtàn náà ti tó o, ìyókù dìgbà tẹ́ ẹ bá buwọ́ lùwé.

Bọ́lá Ẹdítọ̀: Babaláwo kọ́ ni wàhálà ibẹ̀. Babaláwo tó mọṣẹ́ ò ní ṣàdédé dárúkọ èèyàn, ẹsẹ Ifá ló máa kì, obìnrin yẹn á wá túmọ̀ ẹ̀ sódì, ẹ̀rù á tún wá bà wá ju tàkọ́kọ́ lọ. Wo fíìmù The Figurine tí Kẹ́mi Adéṣoyè kọ, 2009 ló jáde, títí tó fi parí, ṣé ère inú ẹ̀ ló ń jà ni àbí ọwọ́ èèyàn, àwa òǹwòran ni wọ́n ní ká dá a. Ti Gẹ̀ẹ́sì yẹn, fíìmù October 1 tí Túndé Babalọlá kọ, èdè bíi mẹ́rin ló wà nínú ẹ̀, ìlú Yorùbá ló sì ti ṣẹlẹ̀. Wọ́n ní kí ọlọ́pàá kan rí apànìyàn mú kí òmìnira 1960 tó dé, ọjọ́ tó ń sún mọ́lé yẹn ni ò jẹ́ kọ́kàn wa balẹ̀. Fún opó tìẹ náà lọ́jọ́: kí ẹbí ọkọ ní tí wọ́n bá ti ṣe fídáù ogójì ọjọ́ tán, kó kó jáde nílé.

Ìyá Gbẹ̀mí: Ọ̀rọ̀ yín dáa, àmọ́ ebi kì í wọnú kí ọ̀rọ̀ míì wọ̀ ọ́. Ọmọ mi, máa kọ eré ẹbí àti skit fún àwọn tó ń sanwó, kó o fi jẹun, èyí tọ́kàn ẹ wà nínú ẹ̀ yìí ni kó o má tà ní ọ̀pọ̀.

Lọ́yà Àdùkẹ́: Òfin Copyright ti 2022 ti là á mọ́lẹ̀, ìwọ tó o kọ ọ́ lo ni ín, kò sì lè di ti pùròdúsà láìsí ìwé. Àdéhùn ẹnu lásán ò tó. Jẹ́ kí ìwé yẹn sọ iye owó, ìgbà tí wọ́n máa san án, pé orúkọ ẹ gbọ́dọ̀ hàn nínú fíìmù, àti ẹni tó láṣẹ láti yí ìparí padà. Tó bá kọ̀ láti buwọ́ lù ú, wá ẹlòmíì.