Ọmọ mi ń bọ̀ wálé, a ò mọwọ́ ara wa: ẹ gbà mí nímọ̀ràn

Ìyá Abẹ́òkúta
Ẹ kú ilé o. London ni mo bí ọmọbìnrin mi sí ní 1974. Bàbá rẹ̀ ń kàwé òfin, èmi ń ṣiṣẹ́ nọ́ọ̀sì lóru. Kò tíì pé oṣù 4 tí a fi gbé e fún ìyá òyìnbó kan tọ́ ní Kent, bí ọ̀pọ̀ nínú wa ti ń ṣe nígbà náà. Ó pé ọdún 7 kí n tó lọ mú un ká jọ padà sílé. Ẹ̀yìn obìnrin yẹn ló sá sí lọ́jọ́ náà. Nígbà tó pé 18, ó padà lọ. Ó ń pè mí ní gbogbo Sọ́ńdè, ó ń fowó ránṣẹ́, àmọ́ bí àlejò la ṣe ń sọ̀rọ̀. Èmi ni "Mummy", obìnrin yẹn ni "Mum". Ó ń bọ̀ ní Disẹ́ńbà fún ọ̀sẹ̀ 2. Kí ni kí n ṣe?

Bàbá Ìbejì
Ẹ pe àwọn àgbà ẹbí jọ, mà, kí wọ́n bá a wí. Ìyá ni wúrà.

Ọmọ Sussex
Ẹ jọ̀ọ́ mà, ẹ má pe ẹbí kankan. Òyìnbó ló tọ́ èmi náà títí mo fi pé 8. Kì í ṣe pé wọ́n gbé mi fún wọn ló dùn mí jù, bí ẹnikẹ́ni kò ṣe mẹ́nu ba ọ̀rọ̀ náà mọ́ ni. Tí mo bá béèrè, màmá mi á ní, "A jìyà nítorí yín." Ó tán. Ẹ sọ tiyín fún un: yàrá kan tí ẹ ń gbé, àwọn onílé tí kò gba aláwọ̀ dúdú, àwọn tó gba dúdú tí kò gba ọmọ. Ṣé inú ìwé ìròyìn *Nursery World* lẹ ti polówó pé ẹ ń wá ẹni tí yóò bá yín tọ́ ọmọ? Ẹ sọ ọ́. Tó bá bínú, ẹ jẹ́ kó bínú.

Àdùkẹ́ Alásọ
Ẹ tọrọ àforíjì, ẹ má fi "ṣùgbọ́n" tì í. Kì í ṣe lọ́jọ́ tó bá dé o! Ẹ jọ lọ ra nǹkan ní Kútọ̀ ná, ẹ jọ ṣa ẹ̀fọ́. Ọ̀rọ̀ máa ń yọ nígbà tọ́wọ́ bá dí.

Ọmọ Sussex
Mà, ṣé ìyá òyìnbó yẹn ṣì wà?

Ìyá Abẹ́òkúta
Ó kú ní 2009. Ọmọ mi sọ fún mi lórí fóònù. Mo ní "ẹ̀yà", mo bá tún bẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ owó ilé-ìwé àbúrò rẹ̀. N kò kí i kú àṣẹ̀yìndè.

Ọmọ Sussex
Ẹ kí i lọ́jọ́ Sọ́ńdè yìí, mà. Ẹ má dúró de Disẹ́ńbà.