Limite: ta ni Edgar Brasil tó di kámẹ́rà mú?

Olùbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ wo Limite, fíìmù aláìlóhùn tí wọ́n kọ́kọ́ fi hàn ní Rio ní Brazil ní 1931. Mário Peixoto tó darí rẹ̀ ni gbogbo ayé ń kan sáárá sí. Edgar Brasil tó ya á ńkọ́? Ẹ dákun, ta ni?

Ìdáhùn 1: Àbúrò, o ṣeun tó o béèrè. Hamburg ní Jámánì ni wọ́n bí i sí ní 1902. Cataguases, ní ìpínlẹ̀ Minas Gerais ní Brazil, ló ti ya fíìmù Brasa Dormida (1928) àti Sangue Mineiro (1929) fún olùdarí Humberto Mauro. Nígbà tí wọ́n ń ya Limite ní etíkun Mangaratiba ní 1930, ọmọ ọdún méjìlélógún ni Peixoto, kò sì tíì darí fíìmù kankan rí. Edgar ló mọṣẹ́.

Tún wo ibi tí kámẹ́rà ti ń tẹ̀lé àwọn tó ń rìn. Ṣé o rí bó ṣe ń lọ wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́? Edgar ló ṣe àga tí ọkùnrin mẹ́rin ń gbé rìn, tí òun àti kámẹ́rà wà lórí rẹ̀. Kò sẹ́ni tó tà á fún un. Orí ara rẹ̀ ló lò.

Ìdáhùn 2: Ẹ̀gbọ́n, mo gbà, àmọ́ ọwọ́ kan ò gbẹ́rù dórí. Peixoto ló rí àwòrán ọwọ́ tí wọ́n fi ṣẹkẹṣẹkẹ dè nínú ìwé ìròyìn ní Paris, ibẹ̀ ni fíìmù náà ti ṣẹ̀. Kí ló wá dé tí Edgar ò fi ya irú rẹ̀ mọ́?

Ìdáhùn 1: Ta ni ì bá gbé irú rẹ̀ fún un? Peixoto fúnra rẹ̀ ò parí fíìmù mìíràn títí tó fi kú ní 1992. Edgar ń bá iṣẹ́ lọ ní tirẹ̀ títí di 1954 tó kú. Òun ló ya Moleque Tião, tí Grande Otelo ṣeré nínú rẹ̀, fún ilé-iṣẹ́ fíìmù Atlântida ní 1943. Fíìmù yẹn ti sọnù pátápátá, ohun tó ń dùn mí nìyẹn. Bí iṣẹ́ ayàwòrán bá ti sọnù, kí la fẹ́ fi mọ̀ ọ́n? Limite gan-an, díẹ̀ ló kù kó jẹrà dànù, kí Saulo Pereira de Mello tó fi ọ̀pọ̀ ọdún tún un ṣe.

Olùbéèrè: Ẹ̀gbọ́n, ẹ ṣé gan-an. Èwo ni kí n wò tẹ̀lé e?

Ìdáhùn 1: Sangue Mineiro. Ojú ìmọ́lẹ̀ ni kó o máa wò, má dààmú nípa ìtàn rẹ̀.