Ẹran tí n kò bọ̀ kí n tó dín

Ẹ̀yin ará, bí ẹran bá ti wọlé mi, ìkòkò ni mo máa ń kọ́kọ́ gbé kaná. Bẹ́ẹ̀ náà ni mo ṣe lọ́jọ́ tí mo fẹ́ se ẹran màlúù àti brókólì tí a máa ń rà lọ́wọ́ àwọn ará Ṣáínà ní Houston níbí. Mo bọ ẹran, àlùbọ́sà àti Maggi ń ta sánsán, mo dín in, mo wá da soy sauce àti brókólì lé e. Ọkọ mi jẹ ẹ́ tán, ó nu ẹnu, ó ní, “Ìyá Ìbejì, a dúpẹ́. Ti Ṣáínà tí o ní ò ń sè ńkọ́?”

Arábìnrin kan tí a jọ ń ṣiṣẹ́, tí àwọn òbí rẹ̀ wá láti Guangdong ní Ṣáínà, ló là mí lójú. Ó ní wọn kì í bọ̀ ọ́, baking soda díẹ̀ ni wọ́n fi ń mú un rọ̀. Ṣé kán-ún òyìnbó náà kọ́? Ta ni yóò wá kọ́ ọmọ Abẹ́òkúta ní kán-ún? Mo da odidi ṣíbí ìjẹun kan sí i. Ẹran yọ̀ bí ilá, ọṣẹ gbáà lẹnu wa ń gbọ́. Àwọn ọmọ ò tọ́ ọ wò lẹ́ẹ̀mejì.

Ìdajì ṣíbí tíì ló tó ẹran pọ́n-ùn 1, fún ìṣẹ́jú 15. Ẹ ṣàn án dáadáa, ẹ fún un gbẹ, kí ẹ tó fi soy sauce àti lẹ́búlẹ́bú àgbàdo funfun (cornstarch) pa á lára. Ṣùgbọ́n gígé rẹ̀ gan-an niṣẹ́ wà. Flank, ẹran abẹ́ ikùn màlúù, ni mo ń rà: ẹ wo ojú rẹ̀, fọ́nrán rẹ̀ tò gbọọrọ bí ọwọ̀. Ẹ dá a ní ìbú, fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́, ẹ má tẹ̀ lé fọ́nrán yẹn lóòró. (Fìrísà ni mo máa ń tì í sí fún ààbọ̀ wákàtí, kó má baà máa yọ̀ lọ́wọ́ mi.)

Sítóòfù oníná mànàmáná ni tèmi. Bí mo bá da gbogbo ẹran sí páànù pọ̀, omi á sun jáde, ó tún di bíbọ̀ nìyẹn. Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo ń pín in dín, nínú òróró tó ti ń rú èéfín. Brókólì á ti kọjá nínú omi híhó fún ìṣẹ́jú 1. Arábìnrin ibi iṣẹ́ mi yẹn ní gai lan, ẹ̀fọ́ eléwé kan, ni tiwọn lọ́hùn-ún, Amẹ́ríkà ni wọ́n ti bá brókólì pàdé. Atalẹ̀, áyù, oyster sauce, ó tán.

Ìṣẹ́jú 2 péré lẹran fi ń jiná. Màmá mi tí wọ́n wá kí wa dúró tì mí, wọ́n ní, “Ṣé eléyìí jiná?” Mo gé ọ̀kan hàn wọ́n, kò sí ẹ̀jẹ̀. Wọ́n ní ó dáa. Kí n tó bu ìrẹsì tán, wọ́n ti da tiwọn sí ìkòkò, wọ́n ti bu omi sí i, wọ́n sì ti dé e lórí iná.