Ṣé kí n bá wọn wọṣọ fún òkú bàbá àgbà?

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ará. Ogbómọ̀ṣọ́ ni mo wà. A fẹ́ sin bàbá àgbà lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, bàbá mi sì ní kí n wà lára àwọn tó máa wọ mọ́ṣúárì láti wọṣọ fún wọn. Èmi tí n kò sún mọ́ òkú rí!

Mo wá lọ wo fíìmù kan tí Stan Brakhage yà lọ́dún 1971 níbi tí wọ́n ti ń yẹ òkú wò ní Pittsburgh, Amẹ́ríkà. Kò sóhùn, kò sórin. Ọ̀bẹ ni, inú tí wọ́n là sílẹ̀, awọ orí tí wọ́n ká bo ojú. Ẹ̀rù kọ́kọ́ bà mí, àmọ́ nígbà tó yá, òkú wá dà bí aṣọ tí ẹni tó ni ín ti bọ́ sílẹ̀. Ṣùgbọ́n n kò mọ ìkankan nínú àwọn òkú inú fíìmù náà. Bàbá àgbà ni mo mọ̀, mo mọ ọwọ́ tí wọ́n fi ń bó ọsàn fún mi.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti ṣe é rí, ṣé wíwo fíìmù ràn yín lọ́wọ́ rárá? Òórùn fọ́málìn, oògùn tí wọ́n fi ń tọ́jú òkú kó má bàa jẹrà, ńkọ́? Títutù ara wọn ńkọ́? Ìyá mi ní kí n má wulẹ̀ lọ (àwọn náà kì í lè wo adìyẹ tí wọ́n ń pa). Báwo ni mo ṣe lè sọ fún bàbá mi pé ẹnu ọ̀nà ni n óò dúró sí, tí kò fi ní dà bí àìmoore?