Ṣé "oṣù ọ̀fọ̀" ni ká pè é, àbí "arò"?

Ẹ̀gbọ́n mi kan ka ìtàn tí mò ń kọ lọ́wọ́, wọ́n sì dábàá pé kí n pe àwọn ìpín ọdún inú rẹ̀ ní "oṣù ọ̀fọ̀": oṣù ọ̀fọ̀ kìíní, oṣù ọ̀fọ̀ kejì, títí dé ẹ̀kẹsàn-án. Wọ́n ní ẹni tó bá kà á á ti mọ ohun tí mò ń wí láìbéèrè. Mo bọ̀wọ̀ fún wọn, mo sì mọ̀ pé wọ́n gbọ́ èdè jù mí lọ, ṣùgbọ́n orúkọ yìí kò wọ̀ mí létí rárá. "Arò", èyí tí a ń dá nítorí òkú, ni èmi fẹ́.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ bí ayé inú ìtàn náà ṣe rí. Kò sí òṣùpá lójú ọ̀run wọn. Òkú ni wọ́n fi ń ka ọjọ́. Nígbà tí ẹni àkọ́kọ́ kú láàárín wọn, wọ́n jókòó tì í fún ogójì ọjọ́ láìsọ̀rọ̀. Wọ́n fi ogójì mìíràn sunkún. Wọ́n fi ogójì tó tẹ̀ lé e fọ gbogbo ohun tí ọwọ́ rẹ̀ ti kàn rí, tó fi dé orí okùn ilẹ̀kùn. Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń bá a lọ títí ó fi di ìgbà mẹ́sàn-án, ọdọọdún ni wọ́n sì ń tún un ṣe láti ìgbà náà. Ogójì lọ́nà mẹ́sàn-án jẹ́ 360. Ó wá ku ọjọ́ 5 kí ọdún wọn tó pé.

Ibi tí "oṣù" ti kọsẹ̀ nìyẹn. Lẹ́nu wa, oṣù kì í ṣe ìpín ọdún lásán. A máa ń sọ pé "oṣù lé", ohun tó yọ lókè la sì ń tọ́ka sí. Ọjọ́ 29 àti ààbọ̀ ni tòkè yẹn fi ń yípo, ó lé díẹ̀ bín-ín-tín. Bí mo bá wá pe ogójì ọjọ́ ní oṣù fún àwọn tí kò rí òṣùpá rí, ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo yẹn ti gbé òṣùpá wọ inú ayé wọn.

Ọ̀fọ̀ wá ńkọ́? Ẹ wo ohun tó ń ṣẹlẹ̀ bí ẹnì kan bá tẹ "osu ofo" lórí fóònù láìfi àmì ohùn sí i. Ẹni tó gbà á lè kà á sí oṣù òfò, ìyẹn oṣù àdánù. Ó lè kà á sí oṣù òfo, tí kò sí nǹkan kan nínú rẹ̀. Ó lè kà á sí ọfọ̀, kó rò pé ohùn agbára ni wọ́n ń pè níbẹ̀. Ọ̀fọ̀ tí mo ní lọ́kàn lè má tilẹ̀ wá sí i lọ́kàn. Ẹ̀gbọ́n mi fèsì pé arò náà kò sàn jù bẹ́ẹ̀ lọ: aró tí a fi ń rẹ aṣọ ń bẹ níbẹ̀, arọ náà ń bẹ níbẹ̀. Òótọ́ ni wọ́n sọ. Àmọ́ kò sẹ́ni tó máa gbọ́ pé ènìyàn gbé ibì kan fún arò mẹ́ta, kó wá ro ti aró aláṣọ. Gbólóhùn náà fúnra rẹ̀ ló máa lé e jáde. Òfò, òfo àti ọ̀fọ̀ ní tiwọn, gbogbo wọn ló lè jókòó sínú ọ̀rọ̀ ikú láìsí ẹni tó máa fura.

Èyí tó ká mi lára jù ni ọ̀rọ̀-ìṣe. Ọ̀fọ̀, ṣíṣẹ̀ ló ń ṣẹ̀ wá. Ó wọlé bá wa, a sì wà nínú rẹ̀. Arò, dídá là ń dá a. Létí mi, ó bá "dá" inú "dájọ́" mu, ó bá ti ẹni tó ń dá orin mu: ẹnì kan gbé e sókè, ó ní ibi tó ti bẹ̀rẹ̀, ó sì ní ibi tó máa parí sí. Ohun tó bá ti ní ìbẹ̀rẹ̀ àti òpin ṣeé kà.

Nítorí náà, mo ní ká yọ oṣù kúrò pátápátá, kí arò fúnra rẹ̀ di ohun tí wọ́n fi ń ka àkókò. Kì í ṣe "oṣù arò kejì", "arò kejì" ni. Ìyá kan nínú ìtàn náà sọ fún aládùúgbò rẹ̀ pé, "Ọmọ mi ti wọ arò kẹjọ, kò tíì rákòrò." Kò sí ẹkún nínú gbólóhùn yẹn. Ọ̀rọ̀ ọmọ ló ń sọ, ikú sì wà nídìí rẹ̀ láìjẹ́ pé ó pè é. Ohun tí mò ń wá gan-an nìyẹn.

Kíka ọjọ́ tilẹ̀ fún mi ní wàhálà tirẹ̀. Lédè wa, òní wà nínú ìjẹta: òní, àná, ìjẹta, ó pé mẹ́ta. Ìtàdógún náà bẹ́ẹ̀. Ọjọ́ tí a ti bẹ̀rẹ̀ wà nínú mẹ́tàdínlógún yẹn, òru 16 péré ló wà láàárín. Etí yẹn ni mo fi ń kọ̀wé, mo sì jẹ́ kí ọjọ́ ogójì arò kan jẹ́ ọjọ́ kìíní arò tó tẹ̀ lé e. Ẹ̀gbọ́n mi jókòó ṣírò rẹ̀: arò mẹ́sàn-án di ọjọ́ 352, ọjọ́ 13 ló wá ṣẹ́kù dípò 5. Mo ti tún un ṣe. Ọjọ́ ogójì ti parí ní tirẹ̀, ilẹ̀ tó bá mọ́ ló di arò tuntun. Àmọ́ ọjọ́ tí ẹni náà kú gan-an ṣì ni ọjọ́ kìíní, mi ò ní yí ìyẹn padà.

Ó wá ku ọjọ́ márùn-ún yẹn. Irú rẹ̀ kì í ṣe tuntun: àwọn ará Íjíbítì àtijọ́ ní oṣù 12 tí ọ̀kọ̀ọ̀kan jẹ́ ọgbọ̀n ọjọ́, wọ́n sì fi ọjọ́ 5 lé e, ní Etiópíà títí dòní, ọjọ́ 5 ni oṣù kẹtàlá wọn, tàbí 6 lẹ́ẹ̀kan lọ́dún mẹ́rin. Ẹ̀gbọ́n mi pe tiwa ní "ọjọ́ òfo". Ẹ ti mọ ìdí tí mo fi sá fún un. Èmi mú "ọjọ́ èlé" wá, nítorí pé lé yẹn náà la fi ń ka mọ́kànlélógún. Wọ́n ní owó yíyá ni èlé ń mú wá sáwọn lọ́kàn, àwọn ò fẹ́ gbèsè nídìí òkú. Àbúrò wọn tó jókòó tì wá, tí kò tíì dá sí i láti àárọ̀, ló wá ní, "Ẹ ò ṣe pè é ní àfẹ́kù?"

Mo dákẹ́. A máa ń kí ẹni tí ọ̀fọ̀ ṣẹ̀ pé ẹ kú ara fẹ́ra kù. Kí a fẹ́ ènìyàn kù ni pé a wò yíká, a ò rí i. Ọjọ́ márùn-ún tí a wá nínú arò mẹ́sẹ̀ẹ̀sán tí a ò bá níbẹ̀, ọjọ́ àfẹ́kù ni lóòótọ́. Àwa méjèèjì gbà á lọ́wọ́ rẹ̀ lójú ẹsẹ̀.

Lórí arò, ẹ̀gbọ́n mi ò tíì gbà. Wọ́n ní kí n kọ gbólóhùn kan náà lọ́nà méjì, kí n kà á sókè fún ẹni tí kò mọ nǹkan kan nípa ìtàn náà. Mo ti kọ ọ́. Ẹ bá mi gbọ́ ọ wò, kí ẹ sọ èyí tó wọ̀ yín létí: "Ó di oṣù ọ̀fọ̀ kẹta kí n tó padà wálé," àbí "Ó di arò kẹta kí n tó padà wálé"?