Ṣé kí n sọ ohun tí ojú mi rí lẹ́wọ̀n lórí tẹlifíṣọ̀n?

Ẹ̀yin ará, ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà mí nímọ̀ràn. Nyanya l'Ábújá ni mò ń gbé. Ó lé lọ́dún mẹ́ta tí mo fi retí ìdájọ́ nínú ọgbà ẹ̀wọ̀n, kí adájọ́ tó ní kò sí ẹ̀rí, kí n máa lọ ilé. Àwọn kan tó ń ṣe ètò tẹlifíṣọ̀n ti wá bá mi báyìí pé kí n jókòó síwájú kámẹ́rà, kí n sọ gbogbo rẹ̀.

Ọkàn mi fẹ́ ẹ. Òfin ti yí orúkọ iléeṣẹ́ ọgbà ẹ̀wọ̀n padà sí iléeṣẹ́ àtúnṣe ìwà lọ́dún 2019, síbẹ̀ ọ̀pọ̀ àwọn tó wà níbẹ̀ ni ilé ẹjọ́ ò tíì dá lẹ́bi. Ta ni yóò sọ bí a ṣe ń pín oorun, tí ẹnì kan á fara ti ògiri kí ẹlòmíì lè na ẹsẹ̀? Títí dòní, bí kọ́kọ́rọ́ bá dún, màá ti dìde dúró kí n tó mọ̀.

Ìyàwó mi ò fẹ́. Oṣù tó ń bọ̀ ni wọ́n ń bọ̀ wá tọrọ ọmọ wa obìnrin. Ó ní "ẹlẹ́wọ̀n" ni àwọn àna máa gbọ́, wọn ò ní gbọ́ "kò jẹ̀bi".

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti ṣe irú ẹ̀ rí, ṣé wọ́n máa ń gbà láti bo ojú èèyàn, kí wọ́n sì yí ohùn rẹ̀ padà? Fọ́ọ̀mù wọn wà lọ́wọ́ mi, mi ò tíì fọwọ́ sí i. Kí ni kí n ní kí wọ́n kọ kún un?